Ẹ̀kọ́ Àkàrà Tí A Lọ Kọ́ Ní Bahia
(Ọ̀rọ̀ tí a sọ níwájú ìpàdé ẹgbẹ́ wa ní Prince George's County, Maryland)

Ẹgbẹ́ ní kí a wá ròyìn ìrìn-àjò tí àwa obìnrin mẹ́fà rìn lọ sí ìlú Salvador, ní ìpínlẹ̀ Bahia, ní orílẹ̀-èdè Bùràsíìlì.

Ẹ̀yin tí ẹ ń sọ pé òkun ni a lọ wò, ẹ kò parọ́, a wo òkun díẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ oúnjẹ ni ó gbé wa lọ. Bẹ́ẹ̀ ni, àwa tí a ti ń dáná láti kékeré, a sanwó kí wọ́n tún wá kọ́ wa bí a ti ń din àkàrà. Nígbà tí a kọ́kọ́ sọ ọ́ nílé, àwọn ọkọ wa rẹ́rìn-ín títí. Ọ̀kan nínú wọn béèrè bóyá àkàrà tí wọ́n ń tà ní Lanham kò dùn mọ́ ni. Ẹ jẹ́ kí a ṣàlàyé.

Iṣẹ́ nọ́ọ̀sì ni a fi ń jẹun, òkè òkun ni a sì ti kọ́ ọ, nítorí náà ojú wa kì í kúrò lára ohun tí àwọn ènìyàn wa ń fi sẹ́nu. Kò tíì pẹ́ púpọ̀ tí àrùn rọpárọsẹ̀ mú ìyá kan nínú àwọn ará wa ní agbègbè yìí. Ọlọ́run ṣàánú, ẹ̀mí kò bọ́, ṣùgbọ́n ọwọ́ ọ̀tún kò gbéra mọ́, ọ̀rọ̀ kò sì já gaara lẹ́nu rẹ̀ mọ́. Dókítà ní kí wọ́n dín iyọ̀ kù gidigidi. Màmá kò fẹ́ oúnjẹ òyìnbó. Bí wọ́n bá gbé e wá, yóò kàn yíjú sí ògiri. Ọmọ rẹ̀ obìnrin, tí ó kàwé dé ojú àmì, tí ó ní iṣẹ́ gidi lọ́wọ́, lọ ń ra oúnjẹ wa nínú páálí. Oúnjẹ tí wọ́n sè fún ọgọ́rùn-ún ènìyàn, kì í ṣe ti ẹni kan tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń ru. Ọmọ náà fẹ́ láti sè é fúnra rẹ̀, ṣùgbọ́n kò mọ̀ ọ́n. Ẹni tí ó sì lè kọ́ ọ ni ó dùbúlẹ̀ níwájú rẹ̀ yẹn tí kò lè sọ̀rọ̀.

Ó pè wá ní alẹ́ ọjọ́ kan pé báwo ni wọ́n ti ń ṣe mọ́ínmọ́ín. A ṣàlàyé lórí fóònù: rẹ ẹ̀wà, bó o, lọ̀ ọ́, pò ó. Ti ọjọ́ kìíní le bí òkúta. Ti ọjọ́ kejì ṣàn bí ògì. Ọwọ́ kì í gbọ́ tẹlifóònù. Ìgbà tí a wọ mọ́tò lọ bá a, tí a dúró tì í ní ilé ìdáná rẹ̀ ní Sátidé méjì, ni ó tó bọ́ sí i.

Ọ̀rọ̀ yìí ni àwa mẹ́fà ń rò lọ́wọ́ tí ọ̀kan nínú wa fi sọ pé àwọn kan wà ní ayé yìí tí wọn kò ní fóònù, tí wọn kò ní ìwé, tí ẹnikẹ́ni kò fún wọn ní ìsinmi, síbẹ̀ tí àkàrà kò sọnù lọ́wọ́ wọn. Ó ní kí a lọ wo bí wọ́n ti ṣe é. Bí a ti dé Bahia nìyẹn.

Ẹ̀yin àgbà mọ ìtàn náà, ṣùgbọ́n àwọn ọmọ kò mọ̀ ọ́n, ẹ jẹ́ kí a fi díẹ̀ tọ́ wọn lẹ́nu wò. Láti òpin ọ̀rúndún kejìdínlógún títí di nǹkan bí ọdún 1850, nígbà tí Ọ̀yọ́ ń tú, tí ogun ń jà káàkiri, ni wọ́n kó àwọn ènìyàn wa lọ sí Bahia ní ọ̀pọ̀lọpọ̀. Nàgó ni wọ́n ń pè wọ́n níbẹ̀. Àwọn Nàgó ni ó pọ̀ jù nínú àwọn Mùsùlùmí tí ó dìde ogun sí àwọn olówó wọn ní Salvador ní oṣù Kìíní ọdún 1835. Ọdún 1888 ni òfin tó fòpin sí ẹrú níní tó jáde ní Bùràsíìlì. Nínú gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, àwọn obìnrin wa a máa gbé igbá lérí, wọn a máa kiri oúnjẹ ní ìgboro. Olówó wọn a gba tirẹ̀ nínú èrè, wọn a sì tọ́jú èyí tó bá kù. Àwọn kan wà nínú wọn tí ó fi owó oúnjẹ ra ara wọn padà. Àkàrà wà lára ohun tí wọ́n ń kiri, títí di òní olónìí acarajé sì ni orúkọ rẹ̀. Ẹ fetí sí i dáadáa: àkàrà, jẹ.

Àwọn kan nínú wọn padà sílé, àwọn tí a ń pè ní Àgùdà ní Èkó. Ọ̀kan nínú àwa mẹ́fà jẹ́ ọmọ Ìsàlẹ̀ Èkó. Ó ní láti kékeré ni òun ti ń jẹ frejon ní ọjọ́ Jímọ̀ọ̀ tó ṣáájú Àjíǹde, ẹ̀wà tí wọ́n fi omi àgbọn sè títí ó fi di àádùn lẹ́nu. Inú orúkọ tí àwọn Potogí ń pe ẹ̀wà ni frejon ti wá. Ẹ wò ó ná: àkàrà lọ, ẹ̀wà padà bọ̀.

Ọjọ́ kejì tí a dé ni ẹni tí yóò kọ́ wa kó wa lọ sí ọjà São Joaquim. Ọmọbìnrin kan tí ó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì ni ó ń túmọ̀ fún wa. Ẹ̀yin ará, bí wọ́n bá di ojú yín tí wọ́n sọ yín sí àárín ọjà náà, ẹ ó rò pé Bódìjà ni ẹ wà. Edé gbígbẹ ní òkìtì òkìtì, ilá, ata, ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀, ẹ̀wà funfun olójú dúdú, epo pupa nínú ìgò. Orúkọ epo nìkan ni kì í ṣe tiwa. Dendê ni wọ́n ń pè é, èdè àwọn ará Angola ni, nítorí wọ́n ti kó àwọn yẹn débẹ̀ ṣáájú tiwa. Nígbà tí ìyá kan dárúkọ iye tí ó fẹ́ gbà lórí edé, ọ̀kan nínú wa pòṣé, ó sì ṣe bí ẹni ń lọ. Kò sí ẹni tí ó túmọ̀ ìyẹn. Ìyá náà dín in kù.

Ilé ẹni tó kọ́ wa wà lórí òkè, ilé kékeré, iná gáàsì kan àti àdògán kan ní ẹ̀yìnkùlé. Láti ọ̀sán títí di alẹ́ ni òun fúnra rẹ̀ máa ń jókòó ti ìkòkò àkàrà rẹ̀ ní ìgboro, pẹ̀lú aṣọ funfun, gèlè àti ìlẹ̀kẹ̀. Òwúrọ̀ ni ó fi ń kọ́ àwọn àlejò ní oúnjẹ. Ọ̀kan nínú wa ti mú ìwé àti bírò jáde, ó ń béèrè pé ife ẹ̀wà mélòó, ṣíbí iyọ̀ mélòó. Ìyá náà gba ìwé náà lọ́wọ́ rẹ̀ pẹ̀lú ẹ̀rín, ó gbé e sí orí kọ́bọ́ọ̀dù, ó sì fi abọ́ ẹ̀wà lé e lọ́wọ́.

Wọn kì í rẹ ẹ̀wà wọn ní odindi. Wọ́n á kọ́kọ́ fọ́ ọ ní gbígbẹ nínú ẹ̀rọ ọlọ kékeré tí a ń fi ọwọ́ yí, kí ó kàn là sí méjì sí mẹ́ta, kí wọ́n tó da omi sí i. Èèpo rẹ̀ á wá léfòó, wọ́n á máa dà á nù. Àwọn kan nílé náà máa ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ọmọ ọmọ rẹ̀, ọmọbìnrin ọdún mẹ́sàn-án, ni ó ń yẹ tiwa wò. Yóò ti ọwọ́ bọ abọ́, yóò yọ èèpo kan ṣoṣo tí ó kù jáde, yóò fi hàn wá, kò ní sọ nǹkan kan. Àwa tí a ti bímọ tí ó jù ú lọ!

Lẹ́yìn tí a lọ̀ ọ́ tán pẹ̀lú àlùbọ́sà, ó kan lílù. Ìpọn onígi gígùn nínú ìkòkò jíjìn, a ó máa lù ú títí afẹ́fẹ́ yóò fi wọ inú rẹ̀, tí yóò fi funfun, tí yóò sì fúyẹ́. Kò sí blẹ́ńdà tí ó ń ṣe èyí. Apá ń ro wá, a ní ó ti tó. Ọmọ náà wà ní yàrá kejì, ó ń wo tẹlifíṣọ̀n. Láti ibẹ̀ ni ó ti pariwo pé kò tíì tó. Ìró rẹ̀ ni ó gbọ́. Ìyá àgbà rẹ̀ kò tilẹ̀ gbójú sókè, nítorí kò yà á lẹ́nu. Nǹkan yìí ni ó wọ̀ wá lára jù lọ nínú gbogbo ìrìn-àjò náà, ju ṣọ́ọ̀ṣì oníwúrà lọ, ju òkun lọ. Kò sí ẹni tí ó jókòó ti ọmọ náà láti fún un ní lẹ́ẹ̀sì. Wọ́n ṣáà ń fi ìpọn lé e lọ́wọ́ ní ojoojúmọ́ láti ìgbà tí ó ti lè dúró lórí àpótí.

Inú epo pupa ni wọ́n ti ń din ín, odindi àlùbọ́sà kan á sì wà nínú epo náà, wọ́n ní kì í jẹ́ kí epo jó. Bí ó bá jinná, wọ́n á là á láàárín, wọ́n á fi vatapá sí i, èyí tí wọ́n fi búrẹ́dì, edé, ẹ̀pà, kajú, atalẹ̀ àti omi àgbọn sè. Wọ́n á fi caruru sí i, ilá tí a rẹ́ wẹ́wẹ́. Lẹ́yìn náà tòmátì, edé àti ata. Àkàrà kan á ti di oúnjẹ ọ̀sán. Ẹ̀wà kan náà ni wọ́n ń fi epo àti edé pò, tí wọ́n ń pọ́n sínú ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀, tí wọ́n ń fi ooru sè, wọ́n ń pè é ní abará. Ẹni tí ó bá mọ àbàlá nílé yóò gbọ́ bí orúkọ náà ti jọ ọ́. Ibi ewé pípọ́n yìí ni a ti gba máàkì díẹ̀. Ọ̀kan nínú wa tí ìyá rẹ̀ ń ta ọ̀lẹ̀lẹ̀ ní Iléṣà ká ewé náà ní ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, ìyá onílé pàtẹ́wọ́.

Àkàsà wà níbẹ̀, acaçá ni wọ́n ń kọ ọ́, àgbàdo funfun nínú ewé. Ẹ̀fọ́ wà níbẹ̀, ẹ̀fọ́ náà ni orúkọ rẹ̀. Nígbà tí a gbọ́ àmàlà, ara wa yá gágá, a ti fọwọ́. Ilá ni wọ́n gbé wá, ilá Ṣàngó. Kò sí òkèlè.

Níwọ̀n bí a ti dárúkọ Ṣàngó, a gbọ́ pé àwọn kan nínú ẹgbẹ́ ń béèrè bóyá a lọ bọ òrìṣà ni. Rárá o. Mẹ́rin nínú wa jẹ́ Kristẹni, méjì jẹ́ Mùsùlùmí, kò sì sí ẹni tí ó ní kí a bọ ohunkóhun. Òótọ́ ni pé oúnjẹ Ọya ni àwọn tí ń sìn ín níbẹ̀ ka àkàrà sí, àwọn kan a sì máa yọ kékeré àkọ́kọ́ sọ́tọ̀ fún Èṣù. Òótọ́ sì ni pé àwọn tí ó ti di onígbàgbọ́ nínú àwọn tó ń tà á ti yí orúkọ rẹ̀ padà, wọ́n ń pè é ní àkàrà Jésù, ìjà kékeré kọ́ sì ni ó ti dá sílẹ̀. Èrò tiwa ni pé kí olúkúlùkù máa gba àdúrà rẹ̀ sórí oúnjẹ rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá fẹ́ nu ìtàn kúrò lára àkàrà, iṣẹ́ pọ̀ níwájú rẹ̀, nítorí Yorùbá ni orúkọ rẹ̀ gan-an ń sọ. Ní ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù Kẹsàn-án, ọjọ́ Kọ́símà àti Dámíánì, wọ́n ń se caruru káàkiri ìlú fún àwọn ọmọdé, ọmọ méje ni wọ́n sì ń fún ní oúnjẹ ṣáájú àgbà. Ẹ̀yin ìyá ìbejì tí ẹ wà níbí, ẹ mọ ohun tí a ń wí.

Ìjọba wọn kò fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú un mọ́. Ní ọdún 2005 ni orílẹ̀-èdè Bùràsíìlì kọ iṣẹ́ àwọn obìnrin alákàrà wọ̀nyí sínú ìwé ohun ìní àjogúnbá ilẹ̀ wọn. Nígbà tí ìdíje bọ́ọ̀lù àgbáyé ti ọdún 2014 ń bọ̀, tí òfin àwọn FIFA fẹ́ lé wọn kúrò ní àyíká pápá Fonte Nova, wọ́n kó ara wọn jọ, wọ́n wọ aṣọ funfun wọn, wọ́n kọ ìwé ẹ̀bẹ̀, wọ́n sì jà títí wọ́n fi gba díẹ̀ nínú wọn láàyè láti tà níbẹ̀. Àwọn aláàkàrà o.

A kì í bọ́ aṣọ iṣẹ́ wa sílé tán, ẹ jẹ́ kí a sọ ti ìlera. A kò wá sọ fún yín pé kí ẹ máa jẹ àkàrà inú epo pupa lójoojúmọ́. Nǹkan bí ìdajì ọ̀rá inú epo pupa ni ó jẹ́ irú èyí tí ń gbé kọlẹ́sítẹ́ró̀ọ̀lù sókè, omi àgbọn kò sì sàn jù ú lọ. Ti ọjọ́ ọdún ni ìyẹn. Ṣùgbọ́n èyí tí wọ́n pọ́n sínú ewé, bí a bá dín epo rẹ̀ kù, oúnjẹ gidi ni fún ẹlẹ́jẹ̀ ríru àti alátọ̀gbẹ. Ẹ̀wà ń fún ara ní èròjà tí ẹran ń fún un, kì í sì í jẹ́ kí ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀ fò sókè lójijì bí ìrẹsì funfun ti ń ṣe.

Ti iyọ̀ ni ó ká wa lára jù. Ìwọ̀n tí wọ́n ń sọ fún àgbàlagbà ní Amẹ́ríkà níbí ni kí ó má kọjá mílígíráàmù 2,300 sodium ní ọjọ́ kan, kò ju iyọ̀ ṣíbí tíì kan lọ, fún gbogbo ohun tí ó bá wọ ẹnu láti òwúrọ̀ di alẹ́. Iyọ̀ ni ó pọ̀ jù nínú máńgí. Ẹ bá wa ro iye kóró tí a ń sọ sínú ìkòkò ọbẹ̀ kan, kí a tó tún wá bu iyọ̀ lé e. Ní ilé ìyá tó kọ́ wa, a kò rí máńgí lọ́jọ́ náà. Ó ní edé ti ní iyọ̀ tirẹ̀, àlùbọ́sà àti atalẹ̀ á sì ṣe ìyókù. Ọmọ tí ó bá mọ oúnjẹ sè láti ìbẹ̀rẹ̀ mọ ibi tí iyọ̀ ti ń wọlé, ó sì lè dín in kù fún ọ ní ọjọ́ tí dókítà bá sọ bẹ́ẹ̀. Ọmọ tí ó mọ ibi tí wọ́n ti ń tà á nìkan, kí ni ó fẹ́ dín?

Ohun tí a sì rí nìyí, ẹ̀yin ará wa. Àwọn tí a ń wí yìí wà lábẹ́ pàṣán, àkàrà kò bọ́ lọ́wọ́ wọn fún igba ọdún. Àwa wà ní Bowie, ní Largo, ní Upper Marlboro, firísà wa kún, ilé ìdáná wa gbòòrò ju ilé ìyá yẹn lódindi lọ, àwọn ọmọ sì wà lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, wọ́n ń ṣe iṣẹ́ ilé-ìwé, a kò fẹ́ dí wọn lọ́wọ́. Bí oúnjẹ bá jinná, a ó pè wọ́n. Ọmọ tí a pè wá jẹun, jíjẹ ni yóò mọ̀.

Kò sí ohun tí a nílò tí kò sí ní tòsí. Ẹ̀wà olójú dúdú wà ní gbogbo ilé ìtajà; àwọn aládùúgbò wa tí í ṣe aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà ń sè é pẹ̀lú ìrẹsì ní ọjọ́ kìíní oṣù Kìíní fún oríire ọdún tuntun, láti ilẹ̀ Áfíríkà sì ni ẹ̀wà náà ti bá àwọn baba wọn wọ ìhín, òun àti ilá. Ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ wà nínú yìnyín ní ṣọ́ọ̀bù àwọn ará Látìn ní Langley Park.

Nítorí náà, ẹ̀bẹ̀ tí a gbé wá síwájú ìpàdé yìí ni pé kí ẹgbẹ́ fọwọ́ sí i kí a máa lo ilé ìdáná gbọ̀ngàn yìí ní Sátidé méjì nínú oṣù, fún àwọn ọmọ láti ọdún mẹ́jọ lọ sókè, ọkùnrin àti obìnrin. Ẹ jọ̀wọ́, a ní ọkùnrin náà, kí ẹnikẹ́ni má wá sọ pé òun gbọ́ ọ ní òdì. Owó tí a ń béèrè kò tó owó DJ alẹ́ ọjọ́ kan ní ayẹyẹ ìparí ọdún wa, akápò ní ìwé ìṣirò rẹ̀ lọ́wọ́. Ẹ̀wà ni a ó fi bẹ̀rẹ̀: oṣù méjì àkọ́kọ́, ẹ̀wà nìkan. Mọ́ínmọ́ín, àkàrà, ẹ̀kuru, gbẹ̀gìrì. A ó wọn iyọ̀ lójú wọn. Àwọn òbí lè jókòó sí gbọ̀ngàn kí wọ́n máa bá ara wọn sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n wọn kò gbọdọ̀ wọ ilé ìdáná.

Ẹ má bá wọn rẹ ẹ̀wà wá láti ilé, ẹ má bá wọn bó o. Ohun tí a fẹ́ lọ́wọ́ yín ni ìkòkò jíjìn àti ìpọn onígi. Bí ẹnikẹ́ni nínú yín bá sì ní ọlọ òkúta tí ìyá rẹ̀ fi ránṣẹ́ láti ilé, tí ó wá ń fi í ti ilẹ̀kùn gáréèjì, kí ó jọ̀wọ́ gbé e wá. A ti rí méjì tí irú rẹ̀ ṣẹlẹ̀ sí.

A ti ṣe tán láti dáhùn ìbéèrè yín.